Géèmù àtijọ́ ń ṣókùnkùn lọ́wọ́ yín? Ọ̀nà márùn-ún tẹ́ ẹ lè fi tún ìmọ́lẹ̀ síkírìn ṣe, àti ẹni tí ọ̀kọ̀ọ̀kan bá mu

Ohun tí mo rí pé ọ̀pọ̀ wa máa ń ṣe ni pé tí géèmù bá ti ṣókùnkùn díẹ̀ báyìí, ọwọ́ á ti dé orí bọ́tìnnì ìmọ́lẹ̀, a ó gbé e dé òkè pátápátá, bátìrì á bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́ bí iyọ̀ nínú omi, síbẹ̀ ọ̀tá tó sá pamọ́ sí kọ̀rọ̀ inú géèmù yẹn, a ò ní rí i. Mo ti ṣe bẹ́ẹ̀ láìmọye ìgbà kó tó yé mi pé ibi tí mo ń tẹ̀ kọ́ ni ìṣòro wà.

Òkùnkùn inú géèmù àtijọ́, ibi mẹ́ta ló ti lè wá. Ó lè jẹ́ pé iná síkírìn ló kéré. Ó lè jẹ́ pé àwọ̀ tí wọ́n fi ya géèmù ọ̀hún ló dúdú láti ilé. Ó sì lè jẹ́ ibi tẹ́ ẹ jókòó sí, tí oòrùn tàbí bọ́ọ̀bù ń ta sí síkírìn lójú. Oògùn ọ̀kan kì í ṣe oògùn ìkejì, ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ ká gbé gbogbo ọ̀nà tó wà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn.

Ohun tí mo fi ń wọ̀n wọ́n rèé. Bátìrì ló ṣáájú, torí kónsólù ọwọ́ tó bá tètè ń kú, ẹrù lásán ni. Ìkejì ni ojú, pàápàá lálẹ́ tẹ́ ẹ ti paná yàrá tẹ́ ẹ sì ti dùbúlẹ̀. Ìkẹta ni àwọ̀, ṣé bí àwọn tó ṣe géèmù yẹn ṣe fẹ́ kó rí nìyẹn àbí ó ti di nǹkan mìíràn. Lẹ́yìn ìyẹn, owó àti wàhálà, torí àwọn kan ò ju kẹ́ ẹ tẹ bọ́tìnnì lọ, àwọn kan sì ń bẹ tó jẹ́ pé ẹ máa tú kónsólù palẹ̀. Èyí tí ọ̀pọ̀ èèyàn kì í rò rárá ni bóyá ọ̀nà yẹn ṣeé gbọ́kàn lé, tẹ́ ẹ bá ṣe é lẹ́ẹ̀kan ṣé ó máa dúró fún gbogbo géèmù àbí ẹ máa máa tún un ṣe ní gbogbo ìgbà.

Iná ẹ̀yìn síkírìn

Èyí ló rọrùn jù. Lórí síkírìn LCD, iná kan wà lẹ́yìn tó ń tàn jáde síwájú, tẹ́ ẹ bá gbé e sókè gbogbo nǹkan ló máa gòkè pọ̀, funfun á funfun sí i, dúdú náà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í di eérú. Ẹ jọ̀ọ́ ẹ fi èyí sọ́kàn torí òun ni gbogbo ọ̀rọ̀ tó kù dúró lé lórí: iná ẹ̀yìn kì í ya ohun tó wà lókùnkùn sọ́tọ̀, ńṣe ló ń gbé òun àti ìmọ́lẹ̀ lọ sókè pọ̀.

Ibi tẹ́ ẹ ti máa rí i yàtọ̀ síra. Lórí Nintendo Switch, ẹ tẹ bọ́tìnnì Home mọ́lẹ̀ díẹ̀, ó máa yọ. Lórí Steam Deck, ẹ di bọ́tìnnì STEAM mú kẹ́ ẹ wá ti igi ọwọ́ òsì sókè tàbí sísàlẹ̀. 3DS ní ìpele márùn-ún, DS Lite tó jáde ní 2006 ní mẹ́rin. Àwọn kónsólù kéékèèké tó ń lo Linux, ọ̀pọ̀ nínú wọn lẹ máa di bọ́tìnnì mẹ́nù mú kẹ́ ẹ wá tẹ bọ́tìnnì ohùn. PSP àkọ́kọ́ ló wá jẹ́ kó yé mi bí iná ṣe ń jẹ bátìrì tó: ìpele mẹ́ta lẹ máa rí tẹ́ ẹ bá wà lórí bátìrì, ìkẹrin tó mọ́lẹ̀ jù ò ní yọ lójú àfi tẹ́ ẹ bá so ó mọ́ ṣájà. Àwọn tó ṣe é fúnra wọn mọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀.

Ìjà iná àti bátìrì yìí ti pẹ́ gan-an o. Game Boy àkọ́kọ́ tó jáde ní 1989, ò níná kankan, ò ní àwọ̀, bátìrì AA mẹ́rin ló ń gbé e fún wákàtí 15 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Game Gear dé ní 1990 pẹ̀lú síkírìn tó ní àwọ̀ tó sì níná lẹ́yìn, ó rẹwà lójú, àmọ́ bátìrì AA mẹ́fà ló ń jẹ, wákàtí mẹ́ta sí márùn-ún ó ti kú. Èyí tí ò níná ló sì tà jù.

Tí síkírìn yín bá jẹ́ OLED, ọ̀rọ̀ yí padà. PlayStation Vita àkọ́kọ́ ti 2011 ní i, Switch OLED ti 2021 ní i, Steam Deck OLED tó jáde ní November 2023 náà ní i. Níbẹ̀, ojú kékeré kọ̀ọ̀kan (pixel) tó para pọ̀ di àwòrán lórí síkírìn ló ń tan iná tiẹ̀, èyí tó bá yẹ kó dúdú á kàn kú ni, kò ní di eérú. Ìyẹn túmọ̀ sí pé géèmù tó kún fún òkùnkùn kì í jẹ bátìrì tó géèmù tó kún fún ojú ọ̀run funfun. Steam Deck LCD ń dé 400 nits (nits ni wọ́n fi ń wọn ìmọ́lẹ̀ síkírìn), OLED ń dé 600 fún géèmù lásán, géèmù àtijọ́ ò sì nílò ju èyí lọ nínú ilé. Àmọ́ ẹ ṣọ́ nǹkan méjì. Àkọ́kọ́, àwòrán tí kì í kúrò lójú kan, bíi ìlà ẹ̀mí àti máàkì tó wà lókè géèmù àtijọ́, tí ìmọ́lẹ̀ bá wà lókè pátápátá fún ọ̀pọ̀ wákàtí lójoojúmọ́, ó lè fi ojú àpá sílẹ̀. Ìkejì, tẹ́ ẹ bá sọ ìmọ́lẹ̀ kalẹ̀ jù, àwọn OLED kan máa ń ṣẹ́jú kíákíá ju bí ẹ ṣe lè rí i lọ, orí àwọn èèyàn kan sì máa ń fọ́ nítorí ẹ̀. Tó bá rí bẹ́ẹ̀ lára yín, ẹ gbé ìmọ́lẹ̀ sókè díẹ̀ kẹ́ ẹ wá tan iná kékeré kan sí yàrá.

Nǹkan kan tún wà tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ ṣe lónìí tẹ́ ò bá tíì ṣe é, ẹ pa ìmọ́lẹ̀ tó máa ń yí ara ẹ̀ padà, èyí tí wọ́n ń pè ní auto-brightness. Tí ọwọ́ yín bá bo ojú tó fi ń wo iná yàrá, síkírìn á rò pé ilẹ̀ ti ṣú, àwòrán á máa lọ sókè sódò láàárín géèmù. Fún ẹni tó ń lo Android, láti Android 12 ni Extra dim ti wà, ó dáa gan-an lálẹ́ fún kónsólù tí ìpele ìsàlẹ̀ ẹ̀ ṣì mọ́lẹ̀ jù.

Ọ̀nà yìí ò gbówó, ó ṣeé gbọ́kàn lé, gbogbo géèmù ló bá mu. Bátìrì nìkan lẹ máa fi san án.

Sẹ́tíńgì inú géèmù fúnra ẹ̀

Mi ò ní pẹ́ lórí èyí. Géèmù àtijọ́ tó ní in ò pọ̀. Silent Hill ti 1999 lórí PlayStation ní in nínú Options, ó sì yẹ kó ní in torí inú òkùnkùn àti kùrukùru ni gbogbo ẹ̀ ń ṣẹlẹ̀. Tí géèmù yín bá ní in, ẹ bẹ̀rẹ̀ látibẹ̀ kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan mìíràn, ẹni tó ṣe géèmù ló gbé e síbẹ̀, ó mọ ibi tí òjìji ẹ̀ yẹ kó pin sí. Àbùkù ẹ̀ kan náà ni pé géèmù yẹn nìkan ló máa tún ṣe.

Gámà, àtúnṣe àwọ̀ àti shader nínú emulator

Ibí yìí lọ̀rọ̀ pọ̀ sí, ibẹ̀ náà sì ni àṣìṣe pọ̀ sí jù. Emulator ni áàpù tó ń jẹ́ kẹ́ ẹ lè ta géèmù kónsólù àtijọ́ lórí ẹ̀rọ mìíràn.

Gámà yàtọ̀ sí iná. Tẹ́ ẹ bá gbé gámà, dúdú tó dúdú pátápátá á dúró síbi tó wà, funfun náà á dúró síbi tó wà, ohun tó wà láàárín ló máa sún sókè, ìyẹn òjìji, ògiri inú ihò, ẹ̀wù aláwọ̀ àyìnrín tí ọ̀tá wọ̀ lóru. Èyí gan-an ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń wá nígbà tí wọ́n ń gbé iná ẹ̀yìn síkírìn sókè. Kò sì gba bátìrì tó ṣeé sọ. Ẹ kàn má ṣe é jù, torí tí gámà bá pọ̀ jù gbogbo géèmù á dà bí aṣọ tí wọ́n ti fọ̀ fọ̀ fọ̀ tí àwọ̀ ẹ̀ ti ṣí.

Ọ̀rọ̀ àwọ̀ wá ju bẹ́ẹ̀ lọ fún Game Boy Advance. GBA tó jáde ní 2001 ò níná rárá, síkírìn ẹ̀ dúdú, àwọ̀ ẹ̀ kú, ẹ máa wá bọ́ọ̀bù kiri kẹ́ ẹ tó rí nǹkan. Castlevania: Circle of the Moon wà lára àwọn tó bá a jáde lọ́dún yẹn, dúdú lórí dúdú ni wọ́n fi ya á, mo rántí pé abẹ́ iná tábìlì ni mo ti máa ń ta á tí mo á máa yí ọwọ́ mi sọ́tùn-ún sósì kí n lè rí ibi tí mo fẹ́ fò sí. Àwọn èèyàn pariwo. Nígbà tí Castlevania mìíràn, Harmony of Dissonance, máa fi jáde ní 2002, wọ́n ti fi àwọ̀ tó ń tàn yòò sí i, wọ́n sì fi ìlà búlúù yí ẹni tẹ́ ẹ ń darí ká kó má bàa sọnù mọ́ yín lójú. Bẹ́ẹ̀ náà ni Donkey Kong Country tó jẹ́ ti Super Nintendo ní 1994, nígbà tí wọ́n gbé e wá sórí GBA ní 2003 wọ́n tan àwọ̀ ẹ̀ kó lè hàn lórí síkírìn tí ò níná yẹn, lórí síkírìn tòní ó wá funfun bálabàla.

Ìdí nìyí tí emulator fi ní àtúnṣe àwọ̀. Nínú RetroArch, áàpù tó kó ọ̀pọ̀ emulator pọ̀ sójú kan, mGBA tó wà fún GBA ní Color Correction nínú àwọn sẹ́tíńgì ẹ̀, Gambatte tó wà fún Game Boy Color náà ní in. Ohun tó ń ṣe ni pé ó ń pa àwọ̀ rẹ́ díẹ̀ kó lè rí bó ṣe rí lórí síkírìn ìgbà yẹn. Ibi tó ti ń dun àwọn èèyàn ni pé ó ń mú àwòrán ṣókùnkùn, wọ́n á ní ó bàjẹ́, wọ́n á pa á. Kò bàjẹ́ o. Ẹ tan án, lẹ́yìn náà kẹ́ ẹ gbé iná ẹ̀yìn síkírìn sókè ní ìpele kan tàbí méjì, ẹ máa rí i pé àwọ̀ ti wálẹ̀ síbi tó yẹ, ojú á sì tutù. Àmọ́ kì í ṣe gbogbo géèmù ló nílò ẹ̀, èyí sì ṣe pàtàkì: Harmony of Dissonance nílò ẹ̀ gan-an, Circle of the Moon ò nílò ẹ̀ rárá, tẹ́ ẹ bá tan án fún un inú òkùnkùn àtijọ́ yẹn lẹ ti tún padà sí. Torí náà ẹ má tan án fún gbogbo géèmù lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ fi í pamọ́ fún géèmù kọ̀ọ̀kan, RetroArch ń gbà yín láyè láti ṣe bẹ́ẹ̀ nínú Manage Core Options, níbi Save Game Options.

Shader, ìyẹn ètò kékeré tó ń yí bí àwòrán ṣe rí padà, èyí tó ń fa ìlà sójú síkírìn kó lè dà bíi tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ tàbí bíi síkírìn Game Boy, èmi fẹ́ràn ẹ̀ púpọ̀, àmọ́ ẹ mọ̀ pé ìlà dúdú tó ń fà yẹn, ìmọ́lẹ̀ ló ń bò. Bí ìlà bá ṣe nípọn tó ni àwòrán á ṣe ṣókùnkùn tó. Àwọn shader kan ní ibi tẹ́ ẹ ti lè dá ìmọ́lẹ̀ yẹn padà, ẹ wá a nínú Shader Parameters. Bẹ́ẹ̀ náà ni Black Frame Insertion, tó ń ki àwòrán dúdú sáàárín àwòrán géèmù kí ohun tó ń sáré má bàa fà gbọ̀ọ̀rọ̀gbọ̀: lórí síkírìn 120Hz (tó ń yí àwòrán padà nígbà 120 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan), ìdajì ìmọ́lẹ̀ ló máa gbé lọ. Tí kónsólù yín ò bá ní iná tó pọ̀ láti ilé, tàbí tẹ́ ẹ fẹ́ràn láti máa ta géèmù níta, ẹ fi méjèèjì sílẹ̀.

Lórí owó, òfo, ẹ ò ní náwó kankan. Lórí wàhálà, ó gba sùúrù, kò sì sí ẹni tó máa fi ìṣẹ́jú kan parí ẹ̀.

Kẹ́ ẹ pààrọ̀ síkírìn

Èyí wà fún ẹni tó ní kónsólù gidi ti ìgbà yẹn tó sì fẹ́ máa lò ó lọ. Kí ẹ tó ra nǹkankan, tó bá jẹ́ GBA SP, èyí tó ṣeé pa dé, ló wà lọ́wọ́ yín, ẹ yí i dà kẹ́ ẹ wo nọ́ńbà ẹ̀yìn ẹ̀. AGS-001 ni ti àkọ́kọ́ ní 2003, iwájú ni iná ẹ̀ ti ń tàn, ó ràn wá lọ́wọ́ nígbà yẹn àmọ́ àwọ̀ ẹ̀ ń rọ. AGS-101 tó dé ní 2005 níná lẹ́yìn, ó sì dáa jù ú lọ fíìfíì. Tí nọ́ńbà bá ti parẹ́, ẹ tẹ bọ́tìnnì iná: tó bá kú pátápátá 001 ni, tó bá jẹ́ pé ó kàn ń ti orí ìmọ́lẹ̀ bọ́ sórí ìmọ́lẹ̀ tó ju bẹ́ẹ̀ lọ, 101 lẹ ní, kò sì pọn dandan kẹ́ ẹ pààrọ̀ ohunkóhun.

Fún àwọn tó kù, síkírìn IPS tuntun (irú LCD tòní tó níná lẹ́yìn) wà tí wọ́n ń tà pẹ̀lú wáyà àti bọ́ọ̀dù ẹ̀. Ó mọ́lẹ̀, àwọ̀ ẹ̀ kún, ó sì ní ìpele ìmọ́lẹ̀ tẹ́ ẹ lè yí. Ẹ bi ẹni tó ń tà á léèrè bẹ́ ẹ ṣe máa yí i, torí àwọn kan ní ibi kékeré tẹ́ ẹ máa fọwọ́ kàn, àwọn kan sì fẹ́ kẹ́ ẹ jó wáyà mẹ́ta mọ́ Select, L àti R. Ẹ tún béèrè bóyá ilé kónsólù yín máa gbà á bó ṣe wà, torí àwọn kan fẹ́ kẹ́ ẹ gé ike inú ẹ̀, ohun tẹ́ ẹ bá sì ti gé ò ní padà mọ́. Tẹ́ ò bá tíì jó wáyà rí, ẹ má fi kónsólù tẹ́ ẹ nífẹ̀ẹ́ kọ́ṣẹ́, ẹ gbé e fún ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣe.

Bátìrì náà ń bẹ níbẹ̀. GBA tó ń lo AA méjì láìsí iná, tí wákàtí 15 kì í ṣòro fún, tẹ́ ẹ bá ti gbé iná sí i lẹ́yìn, wákàtí yẹn máa dínkù gan-an, tẹ́ ẹ bá sì gbé ìmọ́lẹ̀ dé òkè ó máa tún dínkù sí i. Àárín lèmi máa ń fi í sí. Ọ̀rọ̀ àwọ̀ tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan náà ń bọ̀ níbí o, àwọn géèmù tí wọ́n tan àwọ̀ wọn nítorí síkírìn tó dúdú máa tàn jù lórí IPS, kò sì ní sí emulator tẹ́ ẹ máa fi tún un ṣe.

Kẹ́ ẹ fi síkírìn àtijọ́ sílẹ̀ bó ṣe wà, kẹ́ ẹ wá iná síta

Ẹ má fojú kéré èyí. Game Boy, Game Boy Pocket, Game Boy Color, GBA àkọ́kọ́, gbogbo wọn ń lo ìmọ́lẹ̀ tó bá wá láti ìta ni, torí náà níbi tí oòrùn ti ń pa síkírìn tòní kú, ibẹ̀ ni tiwọn ti ń hàn jù. Kò sí ọ̀kankan nínú àwọn ọ̀nà tó kù tó lè fi ẹnu kan sọ bẹ́ẹ̀. Ẹ jókòó kí ìmọ́lẹ̀ máa bọ̀ láti ẹ̀yìn èjìká yín, kó má ṣe ta lu síkírìn gan-an kó wá padà sójú yín. Tó bá jẹ́ Game Boy tàbí Pocket, ẹ lo táyà kékeré ẹ̀gbẹ́ ẹ̀ tó ń yí contrast, ìyẹn bí dúdú ṣe yàtọ̀ sí funfun tó, torí ọ̀pọ̀ tó ń sọ pé síkírìn àwọn ti kú, táyà yẹn ló ti yí kúrò níbi tó yẹ. Game Boy Color ò ní in.

Géèmù kan tiẹ̀ wà, Boktai ti 2003, tó jẹ́ pé inú káàtírììjì ẹ̀ ni wọ́n gbé ojú tó ń mọ oòrùn sí, ẹ gbọ́dọ̀ jáde síta kẹ́ ẹ tó rí agbára fi bá ọ̀tá jà. Lórí síkírìn tí ò níná ó dùn gan-an, tẹ́ ẹ bá ti gbé IPS sí i ẹ máa wà nínú oòrùn láìrí ohun tẹ́ ẹ ń ṣe dáadáa. Nínú mGBA, Solar Sensor Level lẹ máa fi yí i láìkúrò nílé.

Bátìrì ò níṣòro, owó ò sí, àwọ̀ wà bó ṣe wà. Alẹ́ ni ò dáa fún.

Ta ló yẹ kó mú èwo

Tó bá jẹ́ emulator lẹ ń lò lórí síkírìn LCD, tó sì jẹ́ inú ilé lẹ máa ń wà, gámà àti àtúnṣe àwọ̀ ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ mú, iná ẹ̀yìn á kàn máa wà láàárín. Ẹni tó jẹ́ pé inú ọkọ̀ àti ojú ọ̀nà ló ti ń ta géèmù, kó pa shader, kó pa àtúnṣe àwọ̀, kó gbé iná sókè nígbà tí oòrùn bá wà kó sì rántí sọ ọ́ kalẹ̀ tó bá wọ inú ilé. Ẹni tó ń ta á lálẹ́ lórí ibùsùn, OLED ló bá a mu jù tó bá lágbára ẹ̀, àfi tí orí bá máa ń fọ́ ọ, ẹni bẹ́ẹ̀ kó wá LCD tí ìpele ìsàlẹ̀ ẹ̀ rẹlẹ̀ dáadáa.

Ẹni tó ní GBA gidi tó sì ń lò ó lójoojúmọ́, IPS yẹ ẹ́, owó ẹ̀ ò ní ṣòfò. Àmọ́ ẹni tó jẹ́ pé lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan ló máa ń gbé e jáde, tàbí tó fẹ́ tọ́jú ẹ̀ bó ṣe wà, kó fi síkírìn ẹ̀ sílẹ̀, kó ra iná tábìlì tó dáa. Ẹni tó bá sì fẹ́ ra SP, kó wá 101.

Tẹ́ ò bá tíì mọ ibi tẹ́ ẹ wà, ẹ ṣí géèmù tó dúdú jù lọ́wọ́ yín nínú yàrá tí iná ẹ̀ ò le, kẹ́ ẹ fi ìmọ́lẹ̀ síkírìn sí àárín. Ẹ wo ọ̀rọ̀ funfun tó wà lójú géèmù. Tó bá funfun dáadáa àmọ́ tí òjìji ò hàn, gámà lẹ nílò. Tí funfun gan-an bá ti di eérú, iná ló kéré. Tí méjèèjì bá dáa níbẹ̀ tó wá ṣókùnkùn nígbà tẹ́ ẹ débi fèrèsé, ẹ kàn yí àga yín padà.